Mojí, má tíì ta kámẹ́rà yẹn

Yogyakarta, Indonéṣíà

Mojí mi ọ̀wọ́n,

Kú ọdún Iléyá o, àṣèyí ṣàmọ́dún. Inú mi dùn nígbà tí mo gbọ́ pé Màmá ti ń fẹsẹ̀ ara wọn rìn dé ẹnu ọ̀nà. Bá mi kí wọn dáadáa. Ẹ̀kọ́ mi ń lọ, owó ilé ti gbẹ́nu sókè, òjò sì ti dá díẹ̀.

Láti ìgbà Ìtúnu Àwẹ̀ ni ọ̀rọ̀ kan ti ń gbé mi nínú. Lebaran ni wọ́n ń pe ọdún náà níbí, tẹbí tará ló sì máa ń rọ́ lọ sí sinimá. Jumbo la wò, fíìmù kàtúùnù tí àwọn ọmọ Indonéṣíà fọwọ́ ara wọn ṣe. Ọmọ òrukàn kan ni ìtàn rẹ̀ dá lé, ìwé ìtàn tí àwọn òbí rẹ̀ ṣe sílẹ̀ fún un ló gbá mọ́ra. Nígbà tí wọ́n jí ìwé náà lọ, ìyá àgbà tó jókòó tì mí fi etí híjáàbù nujú, ó sì na ike gúgúrú rẹ̀ sí mi láìsọ̀rọ̀. Mojí, mo sunkún! Wọ́n ti ta tíkẹ́ẹ̀tì rẹ̀ kọjá mílíọ̀nù 10 báyìí.

Bẹ́ẹ̀ iṣẹ́ fíìmù wọn ti dákú rí. Láàárín àwọn ọdún 1990, tẹlifíṣọ̀n aládàáni kó àwọn òṣèré lọ sínú sinetron, eré àtìgbàdégbà wọn, fíìmù Amẹ́ríkà sì gba gbogbo sinimá. Petualangan Sherina ní 2000 àti Ada Apa dengan Cinta? ní 2002 ló tún fa àwọn ọ̀dọ́ padà. Ní 2022 ẹ̀wẹ̀, KKN di Desa Penari, fíìmù nípa àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó lọ sìn lábúlé bí àgùnbánirọ̀ tí wọ́n sì bá iwin pàdé, kó èrò rẹpẹtẹ.

Bàbá onílé mi ní layar tancap, sinimá ìta gbangba, làwọn fi dàgbà. Wọ́n á ri òpó ọparun méjì mọ́lẹ̀ ní pápá, wọ́n á ta aṣọ funfun sí i. Ọmọ tí kò ráyè níwájú á lọ wò ó láti ẹ̀yìn aṣọ, tí gbogbo lẹ́tà á yí padà láti ọ̀tún sósì bíi ti inú dígí. Ògiri ilé Alhaja tí a fi wo fíìmù ló sọ sí mi lọ́kàn, àti ẹni tó já wáyà lọ́jọ́ náà.

Àbúrò rẹ sọ fún mi pé o fẹ́ ta kámẹ́rà. Mo mọ̀ pé ẹni tó gbowó rẹ sá lọ ló dá ọ lágara. Ọjọ́ 30 oṣù kẹta 1950 ni Usmar Ismail, olùdarí fíìmù wọn, bẹ̀rẹ̀ sí ya fíìmù Darah dan Doa, ọjọ́ yẹn ni wọ́n fi ń ṣe ọjọ́ fíìmù wọn títí dòní. Owó tán lọ́wọ́ òun náà láàárín iṣẹ́, ẹni tó ń bójú tó sinimá kan ló yá a lówó.

Mo tọ́jú owó díẹ̀. Jọ̀wọ́, sọ iye tí wọ́n fẹ́ rà á fún mi kó tó di Jímọ̀, n ó fi ránṣẹ́. Kí ìwọ náà fi ìtàn odò Màmá àgbà tí o fẹ́ fi ṣe fíìmù ránṣẹ́ sí mi, bó ti wù kó kù díẹ̀ káàtó.

Èmi ni tìrẹ,
Ṣadé