Ẹ ò dárúkọ Jujiro

Ẹ kú iṣẹ́ o, Ọ̀gá Olóòtú. Mo ka ohun tẹ́ ẹ kọ lórí fíìmù ìfẹ́ àtijọ́ lọ́sẹ̀ tó kọjá, ẹ ò wá dárúkọ fíìmù Jujiro rárá, ìyẹn ló jẹ́ kí n kọ̀wé. 1928 ni Teinosuke Kinugasa ṣe é ní Japan, kò sí ohùn kankan nínú ẹ̀, nígbà yẹn ẹnì kan tí wọ́n ń pè ní benshi ló máa ń dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí àwòrán ti ń hàn, tá á máa fẹnu sọ ohun tó ń lọ.

Háà, ìtàn yẹn! Bọ̀dá kan kó sínú ìfẹ́ obìnrin kan ní Yoshiwara, àdúgbò aṣẹ́wó ní Edo (Tokyo òde òní, ní Japan) láyé ijọ́un, obìnrin ọ̀hún ò tiẹ̀ rí tiẹ̀ rò. Bọ̀dá yẹn àti ọkùnrin míì wọ̀yá ìjà, wọ́n da eérú sí i lójú, ojú fọ́, ó wá rò pé òun ti pààyàn. Sistá ẹ̀ ló wá ń jìyà gbogbo ẹ̀, oníjìbìtì kan tó ń pe ara ẹ̀ ní agbófinró fẹ́ bá a sùn tipátipá, sistá yẹn bá pa á. Èmi o, sistá yẹn ni mo sunkún fún, kì í ṣe bọ̀dá. Ìgbà tójú bọ̀dá là padà, ibo lẹ rò pó sáré lọ? Ọ̀dọ̀ obìnrin yẹn náà ni! Ó bá a pẹ̀lú ọkùnrin tó rò pé òun ti pa, ló bá ṣubú ó kú, sistá ẹ̀ ṣì ń dúró dè é ní oríta. Oríta yẹn gan-an ni ìtumọ̀ Jujiro.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fún un láyè díẹ̀ nínú ìwé ìròyìn yín.

Òǹkàwé yín, Ìbàdàn