Ẹ yé bi àwọn ọmọbìnrin wa léèrè oyún níbi ìntáfíù iṣẹ́ sáyẹ́ǹsì

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ sì kú làálàá. Ẹ dákun, ẹ bá mi fi lẹ́tà yìí sínú ìwé ìròyìn yín bó ṣe rí, torí inú ń bí mi gidi ni, ọ̀rọ̀ náà sì ti kọjá ohun téèyàn ń sọ láàárín ẹbí kó sì mú un mọ́ra.

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kan lọ ṣe ìntáfíù lọ́sẹ̀ tó kọjá ní yunifásítì kan tí n ò ní dárúkọ síbí. Iṣẹ́ graduate assistant ni, ìyẹn ipò tó kéré jù lára àwọn olùkọ́ yunifásítì, ní dípátímẹ́ǹtì maikirobáyọ́lọ́jì, ìmọ̀ nípa bakitéríà àtàwọn kòkòrò tójú ò lè rí. First class lọmọ yìí fi jáde, ó ti ṣe másítà, ó mọ iṣẹ́ láàbù bí ẹní mowó, òun làwọn ẹgbẹ́ ẹ̀ máa ń sáré pè tí nǹkan bá dojú rú mọ́ wọn lọ́wọ́. Ọkùnrin ni gbogbo àwọn tó jókòó síwájú ẹ̀. Wọn ò bi í nípa bakitéríà, wọn ò bi í nípa ohun tó kọ sínú tíísì ẹ̀, ohun tí wọ́n kọ́kọ́ bi í ni pé ṣé ó ti lọ́kọ. Ó ní bẹ́ẹ̀ ni sà. Ọmọ mélòó? Ó ní kò tíì sí sà. Ni ọ̀kan nínú wọn bá yọ gíláàsì ojú ẹ̀, ó ní, "Tá a bá gbà ẹ́ báyìí tó o wá lóyún lọ́dún yìí ńkọ́, ta ló máa bá wa ṣe práktíkà fáwọn ọmọ?" Òmíràn tún ní ṣé ọkọ ẹ̀ máa gbà kó máa sùn sí láàbù. Ọkùnrin tó wọlé tẹ̀ lé e, kíláàsì kan náà ni wọ́n jọ wà, òun náà ti gbéyàwó, ìyàwó ẹ̀ lóyún lọ́wọ́ bí mo ṣe ń kọ̀wé yìí, ẹnikẹ́ni ò bi í ní nǹkan kan nípa oyún, iṣẹ́ tó kọ́ ni wọ́n bi í, ó dáhùn, ó jáde.

Àgbàlagbà ọkùnrin, ọ̀jọ̀gbọ́n, tó lọ́mọ obìnrin nílé tiẹ̀, ló jókòó tó ń bi ọmọ ọlọ́mọ pé ìgbà wo ló fẹ́ lóyún! Abala 42 nínú ìwé òfin Nàìjíríà tọdún 1999 sọ ọ́ kedere pé kí wọ́n má torí pé èèyàn jẹ́ obìnrin tàbí ọkùnrin yàn án jẹ. Ṣé àwọn ọ̀gá wọ̀nyí ò kàwé òfin ni àbí wọ́n rò pé òfin ò dé inú yunifásítì?

Báyọ́lọ́jì ni mo fi gbogbo ayé mi kọ́ àwọn ọmọ ní sẹ́kọ́ńdìrì kí n tó fẹ̀yìn tì, ohun tí mo rí ni mò ń sọ. Àwọn ọmọbìnrin kì í ṣe àlejò nínú báyọ́lọ́jì. Tá a bá fẹ́ la ọ̀pọ̀lọ́ níbi práktíkà, àwọn ọkùnrin tó ń pariwo lójú títì ló máa ń fà sẹ́yìn, àwọn ọmọbìnrin lá á mú abẹ, wọ́n á la ikùn ẹ̀ tónítóní, wọ́n á fi pín-ìnnì kan ẹsẹ̀ ẹ̀ mọ́ pákó, wọ́n á wá yàwòrán ọkàn àti ẹ̀dọ̀ ẹ̀ sínú ìwé bí ẹni tó ti ń ṣe é tipẹ́. Tí wọ́n bá dé yunifásítì náà, ẹ lọ wo kíláàsì maikirobáyọ́lọ́jì tàbí báyọ́kẹ́místìrì, àwọn obìnrin ló kún ibẹ̀ fọ́fọ́. Ibo ni wọ́n wá ń gbà lọ? Ní dípátímẹ́ǹtì kan tí mo dé, wọ́n gbé fọ́tò gbogbo àwọn tó ti ṣe HOD, ìyẹn olórí dípátímẹ́ǹtì, rí kọ́ sára ògiri, láti ìgbà tí fọ́tò ò tíì ní àwọ̀ títí di òní, ọkùnrin, ọkùnrin, ọkùnrin, àfi obìnrin kan ṣoṣo tí wọ́n kọ "acting", ìyẹn adelé, sábẹ́ orúkọ ẹ̀.

Ọdún 1962 ni Yunifásítì Èkó bẹ̀rẹ̀, ó di ọdún 2022 kí obìnrin tó jẹ gíwá ibẹ̀, Ọ̀jọ̀gbọ́n Fọláṣadé Ògúnṣọlá, onímọ̀ maikirobáyọ́lọ́jì sì ni wọ́n. Ọgọ́ta ọdún gbáko! Ẹgbẹ́ àwọn àgbà onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ilẹ̀ wa, Nigerian Academy of Science, ọdún 1977 ni wọ́n dá a sílẹ̀, ọdún 2021 ni obìnrin kọ́kọ́ di ààrẹ ibẹ̀, Ọ̀jọ̀gbọ́n Ekanem Braide, tó jẹ́ onímọ̀ nípa kòkòrò àfòmọ́. Ká má parọ́, ṣé kò sí obìnrin tó mọ̀wé láàárín gbogbo àsìkò yẹn ni?

Màmá Braide tí mo dárúkọ yìí wà lára àwọn tó bá sòbìà jà lórílẹ̀-èdè yìí. Àwọn ọmọ ìsinsìnyí lè má mọ sòbìà, àmọ́ àwa tá a rí i mọ̀ ọ́n, aràn funfun gbọọrọ tó máa ń yọ látẹsẹ̀ èèyàn, tí wọ́n á máa fi igi ká díẹ̀díẹ̀ lójoojúmọ́ kó má baà já sínú ẹran ara, àgbẹ̀ ò ní lè lọ sóko, ọmọ ò ní lè lọ síléèwé. Nígbà tí àwọn ọdún 1980 sí 1989 ń parí lọ, àwọn tó ní in ní Nàìjíríà lé ní 600,000 láàárín ọdún kan. Kò sí oògùn ẹ̀, kò sí abẹ́rẹ́ àjẹsára ẹ̀. Wọ́n ń wọ ìgbèríko lọ ni, wọ́n ń fi aṣọ sẹ́ omi han àwọn èèyàn, wọ́n ń bẹ ẹni tí aràn ti ń yọ lẹ́sẹ̀ ẹ̀ pé kó má kẹsẹ̀ bọ odò táwọn ará ìlú ń mu. Ọdún 2008 la rí i gbẹ̀yìn, nígbà tó di 2013 Àjọ Ìlera Àgbáyé fọwọ́ sí i pé sòbìà ti tán ní Nàìjíríà. Iṣẹ́ báyọ́lọ́jì nìyẹn o, obìnrin sì wà nídìí ẹ̀ gbágbáágbá. Ọ̀jọ̀gbọ́n Adéyínká Fálúsì náà ńkọ́, ní Ìbàdàn, tó ṣiṣẹ́ lórí àrùn fòníkú-fọ̀ladìde tó ń fìyà jẹ àwọn ọmọ tí ẹ̀jẹ̀ wọn jẹ́ SS, tí iléeṣẹ́ L'Oréal àti àjọ UNESCO fi àmì ẹ̀yẹ dá lọ́lá lọ́dún 2001. Ẹ wá ń bi ọmọ wa pé ta ló máa ṣe práktíkà tó bá lóyún.

Ohun kan wà tí mo fẹ́ káwọn tó ń ṣètò owó yunifásítì gbọ́ dáadáa. Ìyẹn ni ọ̀rọ̀ iná. Ẹ lè máa rò ó pé kí ló pa iná pọ̀ mọ́ obìnrin, ẹ ní sùúrù. Iṣẹ́ maikirobáyọ́lọ́jì, ẹ máa gbin bakitéríà sórí ágà, ohun tó dì bí ẹ̀kọ, nínú àwo pẹlẹbẹ, ẹ máa gbé e sínú inkubétọ̀ tó móoru ní ìwọ̀n 37 Celsius, ó di wákàtí 24 kẹ́ ẹ tó kà á. Tí wọ́n bá mú iná lọ láàárín, inkubétọ̀ á tutù, iṣẹ́ ti bàjẹ́ nìyẹn. Ẹ̀rọ PCR tí wọ́n fi ń sọ DNA, ohun àjogúnbá inú ara ohun ẹlẹ́mìí, di púpọ̀ máa ń ṣiṣẹ́ fún bíi wákàtí méjì sí mẹ́ta láìdúró, tí iná bá lọ kó tó parí, ẹ dà á nù, owó dọ́là sì ni wọ́n fi ra ohun tó wà nínú ẹ̀. Àwọn ènsáìmù tí wọ́n ń lò fún PCR náà, inú fíríìsà ni wọ́n gbọ́dọ̀ wà tọ̀sán tòru. Kí làwọn onímọ̀ wa ń ṣe báyìí? Wọ́n á dúró di òru. Òru ni iná ń dúró díẹ̀, àbí òru ni wọ́n tó ráyè dá owó epo jẹnẹrétọ̀. Aago mọ́kànlá alẹ́ sí aago mẹ́rin ìdájí niṣẹ́ gidi ń lọ nínú ọ̀pọ̀ láàbù wa.

Ta ló wá lè wà ní láàbù láago méjì òru? Ọkùnrin lè tẹ́ ẹní sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ fíríìjì kó sùn síbẹ̀, ìyàwó ẹ̀ á gbé oúnjẹ wá fún un, wọ́n á ní ó ń ṣiṣẹ́ kára. Obìnrin tó ṣe bẹ́ẹ̀, ìyá ọkọ á béèrè ibi tó sùn. Ọmọ ọwọ́ wà nílé. Ọ̀nà ò dáa, àwọn ajínigbé wà káàkiri, kò sí ọkọ̀. Ẹ̀ẹ̀mejì, ẹ̀ẹ̀mẹta tó bá ti fi irú ẹ̀ dá wàhálà sílẹ̀ nínú ilé, ó máa fi láàbù sílẹ̀, á gbájú mọ́ kíkọ́ àwọn ọmọ ọdún kìíní àti síṣe máàkì ìdánwò. Ọdún á máa gorí ọdún, ọkùnrin ẹgbẹ́ ẹ̀ á ní ìwé ìwádìí rẹpẹtẹ, ìgbéga á dé, wọ́n á ní "Màdáámù, pépà yín ò pọ̀ tó." Wọ́n á wá ní obìnrin kì í ṣe akitiyan. Irọ́ ni!

Mo mọ̀ pé ẹnì kan máa sọ pé tọkùnrin tobìnrin ni NEPA ń fìyà jẹ. Òótọ́ ni, àmọ́ ìyà náà ò dọ́gba.

Ẹ gbé sólà sórí òrùlé láàbù. Mi ò ní kẹ́ ẹ fi sólà tan iná fún gbogbo yunifásítì, torí ẹ máa ní kò sówó. Láàbù nìkan. Àwọn páànẹ́lì, bátìrì tó dáa, inverter, kẹ́ ẹ wá fa wáyà ẹ̀ lọ sídìí inkubétọ̀, fíríìjì, fíríìsà, PCR, maikirosikóòpù àti gílóòbù, ó parí. Kò gbọ́dọ̀ dé ibi éèsì ọ́fíìsì ọ̀gá kankan, kò gbọ́dọ̀ dé ibi kẹ́tùlù. Kí wọ́n fi kọ́kọ́rọ́ ti ibi tí bátìrì wà, kó sì jẹ́ pé àwọn tẹknọ́lọ́jíìsì láàbù ló máa mú kọ́kọ́rọ́ náà, kì í ṣe ọ̀gá. Oòrùn tó ń ràn láti aago mẹ́sàn-án sí aago mẹ́rin, àsìkò tó yẹ kí èèyàn ṣiṣẹ́ gan-an nìyẹn, obìnrin á ṣe iṣẹ́ ẹ̀ lójú ọ̀sán, á lọ mú ọmọ ẹ̀ níléèwé. Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ pé kò ṣeé ṣe, ìjọba àpapọ̀ ti ṣe èyí tó tóbi jù bẹ́ẹ̀ lọ ní Yunifásítì Bayero ní Kánò lọ́dún 2019, iná sólà ńlá. Ọ̀jọ̀gbọ́n Olúfúnmiláyọ̀ Olópàdé, Ìbàdàn ló ti kẹ́kọ̀ọ́ ìṣègùn, Chicago ló ti wá ṣe iṣẹ́ ńlá tó ṣe lórí jẹ́ẹ̀nì tó ń fa jẹjẹrẹ ọmú lára àwọn obìnrin ilẹ̀ Adúláwọ̀. Níbẹ̀, ẹnikẹ́ni ò retí pé kí obìnrin dúró di òru kó tó rí iná fi ṣèwádìí.

Nǹkan mìíràn tún ń dùn mí. Àwọn ìyá ẹlẹ́wé ọmọ lọ́jà, wọ́n mọ ewé, wọ́n mọ èèpo igi, wọ́n mọ egbò, wọ́n mọ èyí tó hù lẹ́bàá odò yàtọ̀ sí èyí tó hù lórí ilẹ̀ gbígbẹ, wọ́n sì mọ oṣù tí wọ́n ń já a. Àwọn onímọ̀ bọ́tánì máa ń lọ bá wọn pẹ̀lú ìwé àti fóònù, wọ́n á kọ orúkọ ewé sílẹ̀, wọ́n á pa dà lọ kọ pépà, wọ́n á fi gba ìgbéga, orúkọ ìyá tó kọ́ wọn ò ní sí níbì kankan nínú ẹ̀. Ohun kan náà ni wọ́n ṣe fún Rosalind Franklin ní Lọ́ńdọ̀nù, èmi tí mo kọ́ àwọn ọmọ ní DNA títí, orúkọ Watson àti Crick, àwọn ọkùnrin tó ṣàlàyé bí DNA ṣe rí, nìkan ló wà nínú ìwé tá a ń lò, bẹ́ẹ̀ àwòrán DNA tó jáde láti láàbù obìnrin yìí lọ́dún 1952, tí wọ́n fi han Watson láìjẹ́ kí obìnrin náà mọ̀, wà lára ohun tó là wọ́n lójú. Ó kú lọ́dún 1958, ọmọ ọdún 37 péré, àwọn ọkùnrin sì gba ẹ̀bùn Nobel ní 1962. Kí wọ́n máa dárúkọ obìnrin tó bá ṣiṣẹ́, kí ló nira níbẹ̀?

Àwọn tó kù ò pọ̀. Kí wọ́n fòfin de ìbéèrè ọkọ àti oyún níbi ìntáfíù, kí ẹni tó bá béèrè ẹ̀ kúrò nínú ìgbìmọ̀ náà lójú ẹsẹ̀. Kí wọ́n yọ ọdún tí obìnrin fi bímọ kúrò nínú ọjọ́ orí tí wọ́n ń béèrè fún sikọ́láṣíìpù. Kí krẹ̀ṣì wà nítòsí láàbù.

Ẹ̀yin náà, olóòtú, ẹ bá wa ṣe nǹkan kan. Ẹ rán àwọn akọ̀ròyìn yín sí àwọn yunifásítì wa níbí, kí wọ́n lọ béèrè ní dípátímẹ́ǹtì báyọ́lọ́jì kọ̀ọ̀kan pé obìnrin mélòó ló gboyè jáde lọ́dún tó kọjá, mélòó ni lẹ́kíṣọ̀, mélòó ni ọ̀jọ̀gbọ́n, mélòó ló ti ṣe HOD tí kì í ṣe "acting". Kẹ́ ẹ tẹ gbogbo ẹ̀ jáde pẹ̀lú orúkọ yunifásítì náà, èyí tó bá sì kọ̀ láti dáhùn, ẹ kọ ọ́ pé ó kọ̀.

Èmi ni tiyín,
Ìyá Báyọ́lọ́jì,
Òṣogbo.