Aṣọ ẹbí ń sọ ọdún Kayokayo di ọdún gbèsè

Olóòtú ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn. Ẹja ni mò ń tà ní Ọjà Olúwo l'Ẹ́pẹ̀ẹ́, ọmọ Èkó Ẹ̀pẹ́, ìyẹn àwọn ará Ẹ̀pẹ́ tó ti Èkó wá, sì ni mí.

Nígbà tí Kayokayo tó kọjá ku bí oṣù kan, ẹgbẹ́ wa mú léèsì tuntun jáde. Owó iléèwé ọmọ méjì wà lọ́rùn mi, mo ní kí wọ́n má bínú, funfun tí mo ti ní nílé ni n ó wọ̀. Ẹnikẹ́ni kò bá mi jà. Wọ́n kàn ní kò burú.

Kí ọ̀sẹ̀ náà tó parí, wọ́n ti ń sọ ọ́ láti ìsọ̀ dé ìsọ̀ pé ọjà mi ti dẹnu kọlẹ̀. Ẹni tí kì í bá wa ná ọjà lè má mọ ohun tí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ ń bà jẹ́. Àwìn la fi ń gba ẹja. Apẹja á gúnlẹ̀ láàárọ̀, á ka àrọ̀ àti ẹpìyà sínú abọ́ rẹ, kò ní béèrè kọ́bọ̀, torí ó mọ̀ pé tó o bá tà tán, owó òun á pé. Orúkọ rẹ lo fi rà á. Ẹni tí mo ti ń gbẹja lọ́wọ́ rẹ̀ láti ọdún 11 sẹ́yìn wò mí lójú, ó ní, "Ìyá, ẹ má bínú, ẹ kówó sílẹ̀ ná." Ó dùn mí wọra. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni mo fi ń ra ìwọ̀nba tí owó ọwọ́ mi ká.

Ìdí nìyí tí n kì í fi í bú àwọn ẹlẹgbẹ́ mi tó ń yá owó èlé ra léèsì. Wọ́n ní fáàrí ni. Irọ́ ni o. Ìsọ̀ wọn ni wọ́n ń fi léèsì ṣọ́. Mo mọ ẹni tó kó àjọ, tó fi ra aṣọ, tó tún wá lọ yá owó tó fi máa ra ẹja.

Dídé Kòsọ́kọ́, ọba Èkó nígbà náà, àtàwọn èèyàn rẹ̀ sí Ẹ̀pẹ́ là ń rántí ní ọdún Kayokayo, lẹ́yìn tí ọkọ̀ ogun Gẹ̀ẹ́sì lé e kúrò l'Ékòó ní 1851. Ẹni ogun lé ni wọ́n, Ẹ̀pẹ́ sì gbà wọ́n.

Ẹ̀yin ìyálọ́jà àtẹ̀yin alága ẹgbẹ́, mo bẹ̀ yín, ẹ jẹ́ ká fi funfun tó wà nínú àpótí kálukú ṣe ọdún tó ń bọ̀. Ẹ̀yin ni kí ẹ kọ́kọ́ wọ ti àtijọ́ jáde. Èmi nìkan dá a ṣe, ẹ sì ti gbọ́ ohun tó fà.

Èmi ni,
Ìyá ẹlẹ́ja kan,
Ọjà Olúwo, Ẹ̀pẹ́.