Ẹni Tó Wà Lẹ́yìn Kámẹ́rà Náà Lórúkọ

Sí Olóòtú,

Mo kí yín, mo sì kí gbogbo ẹni tó ń bá yín ṣiṣẹ́. Ojú ewé tí ẹ yà sọ́tọ̀ fún fíìmù àtijọ́ ilẹ̀ Kòríà dùn mọ́ mi nínú, nítorí kì í ṣe ìgbà gbogbo là ń rí irú rẹ̀ kà ní èdè Yorùbá. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo kà á tán, mo rí i pé ẹ dárúkọ àwọn olùdarí, ẹ dárúkọ àwọn òṣèré, síbẹ̀ kò sí orúkọ ẹyọ ẹnì kan tó di kámẹ́rà mú. Àléébù yìí kì í ṣe tiyín nìkan. Nígbà tí òṣèré Youn Yuh-jung gba àmì-ẹ̀yẹ Oscar ní ọdún 2021, ó fi rántí Kim Ki-young, olùdarí tó kọ́kọ́ lò ó nínú fíìmù, gbogbo ayé sì gbọ́ orúkọ náà lọ́jọ́ yẹn. Fíìmù àkọ́kọ́ ọ̀hún ni Woman of Fire ti ọdún 1971, ẹni tó sì yà á ni Jung Il-sung, tí mo tìtorí rẹ̀ kọ lẹ́tà yìí.

Ọdún 1929 ni wọ́n bí i, nígbà tí Kòríà ṣì wà lábẹ́ ìjọba Japan. Ó wọ iṣẹ́ fíìmù lẹ́yìn ogun tó parí ní 1953, kò sì gbé kámẹ́rà sílẹ̀ títí ó fi ya Beyond the Years ní 2007, èyí tó jẹ́ fíìmù ọgọ́rùn-ún tí Im Kwon-taek darí. Nínú Woman of Fire, Kim Ki-young ń tún ìtàn The Housemaid sọ, èyí tó ti kọ́kọ́ ṣe ní dúdú àti funfun ní 1960. Jung da ìmọ́lẹ̀ pupa àti búlúù sínú ilé náà débi pé lójú tèmi, ńṣe ni ilé ọ̀hún dà bí ẹni tí ibà ń ṣe.

Ẹni tó bá wo ìyẹn tán kò ní gbà pé ọwọ́ kan náà ló ya Mandala ní 1981. Àwọn olùfọkànsìn Búdà méjì, ọ̀kan ọ̀mùtí, èkejì ẹni tó ń pa òfin ẹ̀sìn mọ́, ni wọ́n ń rìn kiri nínú òtútù àti yìnyín. Yìnyín kì í ṣe ohun tó rọrùn láti yà, nítorí funfun rẹ̀ máa ń tan ẹ̀rọ tí wọ́n fi ń wọn ìmọ́lẹ̀ jẹ. Bí ayàwòrán bá gba ohun tí ẹ̀rọ náà sọ gbọ́, ilẹ̀ funfun á di eérú. Ojú lọ̀rọ̀ wà, ojú Jung kò sì gba ìtànjẹ.

Ibi tí mo fẹ́ kí ẹ dúró wò dáadáa ni Sopyonje ti ọdún 1993, fíìmù Kòríà àkọ́kọ́ tí òǹwòran tó lé ní mílíọ̀nù kan wò ní ìlú Seoul nìkan. Ìtàn ìdílé kan tó ń fi pansori jẹun ni, ìyẹn orin tí akọrin kan ṣoṣo fi ń pa ìtàn, tí onílù kan sì ń gbè é lẹ́sẹ̀. Ní erékùṣù Cheongsando, bàbá àti àwọn ọmọ méjì tó ń tọ́ yọ láti òkèèrè lórí ọ̀nà kọ́lọkọ̀lọ, wọn kò tóbi ju èèrà lọ. Wọ́n ń kọ Jindo Arirang bọ̀, bàbá àti ọmọbìnrin ń gbà á lẹ́nu ara wọn, ìlù wọ̀ ọ́, ijó wọ̀ ọ́, títí wọ́n fi dé iwájú wa. Ó lé ní ìṣẹ́jú márùn-ún láìgé e rárá, kámẹ́rà kò sì sáré lọ pàdé wọn.

Ẹni tó bá mọ iṣẹ́ yìí á mọ ohun tí ìyẹn gbà. Fíìmù oní-milimítà 35 tí wọ́n ń kì sínú kámẹ́rà ń lọ tó 90 ẹsẹ̀ bàtà ní ìṣẹ́jú kan, nítorí náà, àpótí fíìmù tó gba 400 ẹsẹ̀ bàtà á ti tán kí orin náà tó parí. Èyí tó gba 1,000 ló lè gbé e délé. Bí ìkùukùu bá bo oòrùn láàárín, tàbí tí òṣèré kan bá kọsẹ̀, kò sí ibi tí wọ́n máa gé e sí, àfi kí gbogbo wọn padà sókè lọ bẹ̀rẹ̀. Wọn kò sì lè ní ìdánilójú ohun tí wọ́n rí yà àfi ìgbà tí wọ́n bá fọ fíìmù náà.

Ẹlòmíràn lè sọ pé olùdarí ló ni àṣẹ. Òótọ́ ni, ṣùgbọ́n àṣẹ nìkan kì í wọn ìmọ́lẹ̀. Chunhyang, tí Im Kwon-taek darí, tí Jung sì yà, ni fíìmù Kòríà àkọ́kọ́ tó wọ ìdíje àgbà ní àjọ̀dún fíìmù Cannes ní ilẹ̀ Faransé, ní ọdún 2000. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, Im gba àmì-ẹ̀yẹ olùdarí níbẹ̀ fún Chihwaseon, ìtàn ìgbésí ayé Jang Seung-eop tó jẹ́ ayàwòrán oníbúrọ́ọ̀ṣì. Ẹ̀rín máa ń pa mí: a yin fíìmù ayàwòrán, a gbàgbé Jung tó fi kámẹ́rà ya àwòrán rẹ̀. Àwọn ará ilẹ̀ rẹ̀ ní Kòríà kò kúkú gbàgbé, nítorí àjọ̀dún fíìmù Busan ya ètò àkànṣe sọ́tọ̀ fún iṣẹ́ rẹ̀ ní 2019.

Bí ẹ bá tún máa tẹ ojú ewé náà jáde, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi orúkọ Jung Il-sung sí abẹ́ ti Im Kwon-taek. Ìlà kan ṣoṣo ló máa gbà.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Òǹkàwé yín láti Ìbàdàn