Ìwé ẹ̀bẹ̀ àwa agbẹ́gilére: ẹ fún wa láyè ká gbé ère Samuel Lewis sí Aké

Sí Alága ìjọba ìbílẹ̀ Gúúsù Abẹ́òkúta àti ẹ̀yin káńsẹ́lọ̀ wa gbogbo,

Ẹ kú iṣẹ́ ìlú o, ẹ̀yin àgbà wa. Àwa agbẹ́gilére Abẹ́òkúta àtàwọn tó ń fi sìmẹ́ńtì mọ ère láàárín wa la kọ ìwé yìí, ààyè díẹ̀ la ń tọrọ níwájú Centenary Hall ní Aké, ká lè gbé ère Sir Samuel Lewis síbẹ̀.

Ọ̀pọ̀ máa ní ta nìyẹn, ohun tó ń dùn wá gan-an nìyẹn torí ọmọ wa ni. Ẹ̀gbá ni William Lewis bàbá ẹ̀, wọ́n kó o lẹ́rú, àwọn òyìnbó gbà á sílẹ̀, Freetown ní Sierra Leone ló bá ara ẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n bí Samuel sí lọ́dún 1843, ọdún yẹn náà ni Townsend, òyìnbó míṣọ́nnárì, kọ́kọ́ wọ Abẹ́òkúta, táwọn Sàró kan, ìyẹn àwọn ọmọ wa tí wọ́n gbà sílẹ̀ lóko ẹrú sí Sierra Leone, sì ti ń padà wálé. Bàbá tiẹ̀ dúró sí Freetown, ó ń ṣòwò, ọmọ náà bá a ṣe é kó tó lọ kọ́ṣẹ́ lọ́yà ní Lọ́ńdọ̀nù, 1871 ló di lọ́yà, ló bá padà sílé sí Freetown, ó tiẹ̀ ṣe adelé adájọ́ àgbà rí níbẹ̀.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ káńsù ló jẹ́ ká kọ̀wé sí ẹ̀yin gan-an. Lọ́dún 1893 ni wọ́n ṣòfin pé kí Freetown ní káńsù tiẹ̀, ẹ̀rù owó ilé tí káńsù máa gbà sì ń ba aráàlú, Lewis ló dúró tì í pé ẹni tó bá fẹ́ ṣàkóso ìlú ẹ̀ fúnra ẹ̀ gbọ́dọ̀ lè dáwó sí i. Nígbà tó di 1895 òun náà ni wọ́n fi ṣe méyọ̀ àkọ́kọ́ lábẹ́ òfin yẹn. 1896 Ọbabìnrin Victoria fi oyè Sir dá a lọ́lá, kò sí ọmọ Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tó gbà á ṣáájú ẹ̀. Oyè yẹn ò sì dí i lẹ́nu o! Nígbà tí gómìnà Cardew di owó-orí ilé ru àwọn ará ìgbèríko ní 1898, tí Bai Bureh, ọ̀kan nínú àwọn olórí wọn, fi gbógun dìde, Lewis tó wà nígbìmọ̀ aṣòfin ò fara mọ́ owó yẹn. Lójú tiwa ọ̀rọ̀ méjèèjì ò ta kora, owó tí ìlú fẹnu ara ẹ̀ gbà láti san yàtọ̀ sí èyí tí wọ́n kàn gbé lé èèyàn lórí láìbi í. Lọ́ńdọ̀nù ló kú sí ní 1903.

A ò bèèrè owó iṣẹ́ kankan, ọ̀fẹ́ la máa ṣe é. Ìrókò ló wù wá ká fi gbẹ́ ẹ àmọ́ ìta gbangba ni, oòrùn àti òjò á là á, torí náà irin àti sìmẹ́ńtì ni ère fúnra ẹ̀ máa jẹ́, nínú aṣọ lọ́yà, a wá máa gbẹ́ ìtàn ayé ẹ̀ sára pátákó ìrókò tá a máa gbé sínú gbọ̀ngán. Ohun tá a fẹ́ lọ́wọ́ yín ni pámíìtì láìgbowó, àti kí káńsù bá wa ra sìmẹ́ńtì àti irin.

Ẹ jọ̀ọ́ ẹ dá wa lóhùn kí òjò tó wọlé dé, torí a ò lè da ìpìlẹ̀ nínú òjò.

Àwa ni tiyín,
Ẹgbẹ́ agbẹ́gilére, Abẹ́òkúta