Lẹ́tà sí Àṣàkẹ́: Ẹ kú òtútù o

Woodlawn, Chicago
Alẹ́ ọjọ́ Àìkú

Àṣàkẹ́ ọ̀rẹ́ mi àtàtà,

Ẹ kú ilé o. Ẹ kú ọjà, ẹ kú àmúmọ́ra bí nǹkan ṣe wọ́n. Mo mọ̀ pé inú ti ń bí ọ. O ní lẹ́tà lo fẹ́ gbà lọ́wọ́ mi, kì í ṣe ohùn orí WhatsApp tí wàá máa fi etí kan gbọ́ níbi tí o ti ń yọ àdìrẹ nínú aró. Lẹ́tà náà nìyí. Ó ti tó oṣù kan tí mo ti fẹ́ kọ ọ́, àmọ́ ọ̀rọ̀ kan há mi láyà, mi ò mọ ibi tí mo fẹ́ ti mú un. Lónìí ni mo sọ fún ara mi pé bí mi ò bá lè sọ ọ́ fún Àṣàkẹ́, a jẹ́ pé mi ò ní ẹni tí mo lè sọ ọ́ fún.

Onílé wa kọ̀wé sí wa. Ó ní tí a bá ṣì fẹ́ máa gbé inú ilé yìí lẹ́yìn tí àdéhùn wa bá parí, owó ilé á lé sí i. Iye tó kọ síbẹ̀, ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo kà á kí n tó gbà pé ohun tí mo rí ni mo rí. Kò tún ògiri kun, kò pààrọ̀ páìpù tó ń jò nínú ilé ìdáná. Ó kàn ní àdúgbò ti ń níyì sí i ni. Ohun tó ń fún un níyì kò pamọ́: ilé ńlá ìrántí Obama tí wọ́n fi ìpìlẹ̀ rẹ̀ lélẹ̀ ní 2021 nínú ọgbà Jackson Park. A lè fẹsẹ̀ rìn débẹ̀ láti ẹnu ọ̀nà wa. Ìgbìmọ̀ ìlú ṣe òfin kan ní 2020 nítorí ilé gbígbé ní Woodlawn, torí àwọn ará àdúgbò ti pariwo títí pé wọn ò fẹ́ kí wọ́n lé àwọn jáde. Ṣùgbọ́n lẹ́tà onílé wà lórí tábìlì mi níbí.

Mi ò kórìíra ilé náà o. Ìwọ náà rántí ìdájí ọjọ́ tí ọkùnrin yẹn wọlé ní 2008, bí a ṣe jó lójú títì ní Ìtòkò tí ìró rẹ fẹ́ẹ̀ jábọ́. Inú mi dùn pé àwọn ọmọ wa á máa rí orúkọ ẹni tó dúdú bíi tiwọn lára irú ilé bẹ́ẹ̀. Ohun tó ń gún mi lọ́kàn ni pé nígbà tí àlejò bá ń wọ́ wá láti ibi gbogbo lágbàáyé, ó lè jẹ́ pé àwa ò ní sí ládùúgbò mọ́.

Bàbá àwọn ọmọ ń kí ọ, orúnkún rẹ̀ ti fúyẹ́. Mo yege nínú ìdánwò nọ́ọ̀sì. Àbúrò mi tó wà ní Houston bí ìbejì, ọkùnrin méjì. Ìyẹn náà nìyẹn.

Ní àárín wàhálà owó ilé yìí ni ọmọ rẹ obìnrin ti ilé ìwé dé, tó ní tíṣà fún àwọn níṣẹ́ lórí Jackson Park. Wọ́n ní kí wọ́n kọ nípa ìpàtẹ àgbáyé tó wáyé nínú ọgbà náà ní 1893, kí kálukú sì wò ó bóyá ìtàn náà kan ìdílé òun níbì kan. Ó wò mí lójú, ó ní, “Mummy, ṣé ó kàn wá?” Mo ní kò kàn wá. Ìlú Òyìnbó, ọ̀rọ̀ Òyìnbó, báwo ló ṣe máa kan ọmọ Ẹ̀gbá? Àṣàkẹ́, ìdáhùn tí mo fún un yẹn ò jẹ́ kí n sùn mọ́.

Irà ni ọgbà yẹn tẹ́lẹ̀, iyanrìn àti omi tó dúró sójú kan létí ọ̀sà Michigan. Frederick Law Olmsted àti Calvert Vaux ya àwòrán bí wọ́n ṣe fẹ́ kó rí ní 1871, ọdún yẹn gan-an ni iná ńlá jó Chicago, iṣẹ́ ò sì fi bẹ́ẹ̀ tẹ̀ síwájú lórí Jackson Park. Ọdún 1890 ni ìjọba Amẹ́ríkà fa ìpàtẹ náà lé Chicago lọ́wọ́, lẹ́yìn tí New York, Washington àti St. Louis náà ti du ú. Wọ́n fẹ́ fi ṣàjọyọ̀ 400 ọdún tí Columbus ti gúnlẹ̀ sí ilẹ̀ Amẹ́ríkà. Daniel Burnham ni wọ́n fi ṣe olórí iṣẹ́. Wọ́n gbẹ́ irà, wọ́n sọ ọ́ di ọ̀sà wẹ́wẹ́ tí ọkọ̀ ń ná, wọ́n fi erékùṣù kan sí àárín rẹ̀, wọ́n wá kọ́ àwọn ilé gàgàrà yí i ká, gbogbo wọn funfun láú. Ìlú Funfun ni wọ́n ń pè é. Èèyàn á rò pé mábù ni. Ẹfun àti sìmẹ́ńtì ni, tí wọ́n pò mọ́ fọ́nrán irú èyí tí wọ́n fi ń hun àpò kòkó. Àpò kòkó, Àṣàkẹ́! Wọn ò kọ́ ọ kó pẹ́.

Ọjọ́ kìíní oṣù Karùn-ún 1893 ni Ààrẹ Cleveland tẹ bọ́tìnnì iná mànàmáná, tí àwọn ẹ̀rọ bẹ̀rẹ̀ sí í yí. Láàárín oṣù mẹ́fà, wọ́n ka iye ẹsẹ̀ tó wọlé, ó lé ní mílíọ̀nù 27, nígbà tí gbogbo èèyàn Amẹ́ríkà ò tíì tó mílíọ̀nù 70. Kẹ̀kẹ́ ńlá kan wà níbẹ̀ tí ọ̀gbẹ́ni Ferris ṣe, gíga rẹ̀ jẹ́ ẹsẹ̀ bàtà 264. Yàrá 36 ló so mọ́ ọn lára, èèyàn 60 ló sì ń gba inú yàrá kọ̀ọ̀kan. Ààbọ̀ dọ́là ni wọ́n ń san kó fi wọ́n yípo lẹ́ẹ̀méjì. Ọmọ rẹ ya kẹ̀kẹ́ náà sínú ìwé rẹ̀, ó ka yàrá rẹ̀ pé kò gbọdọ̀ dín.

Ibi tí kẹ̀kẹ́ yẹn wà ni ọ̀rọ̀ mi wà. Ilẹ̀ gbọọrọ kan ni, ó tó máìlì kan, ó so Jackson Park mọ́ Washington Park, Midway Plaisance ló ń jẹ́ títí dòní. Ibẹ̀ ni wọ́n kó àwọn abúlé sí: abúlé ará Jáfà, òpópónà Káírò, ti Jámánì, ti Áílàǹdì. Nígbà tí èèyàn bá sì rìn lọ sápá ìwọ̀ oòrùn títí tí ọ̀nà fẹ́ẹ̀ tán, á bá abúlé kan tí wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ síbẹ̀: Dahomey.

Dàhòmì, Àṣàkẹ́. Dàhòmì tí a fi ń ṣeré ogun lẹ́yìn ilé yín, tí wọ́n ń fi ìwọ ṣe ọmọ ogun Dàhòmì nígbà gbogbo torí pé Màmá Kétu ni ìyá ìyá rẹ, tí o fi sunkún lọ́jọ́ yẹn. (Mi ò ní kọ ohun tó ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀ síbí. O mọ̀ ọ́n.) Dàhòmì tí wọ́n kọ́ wa nílé ìwé pé wọ́n wá ká Ẹ̀gbá mọ́lé ní 1851, tí a lé wọn padà lẹ́nu odi Aro, tí ẹnu sì ya àwọn èèyàn wa nígbà tí wọ́n rí i pé obìnrin wà nínú àwọn tí wọ́n ń bá jà, tí wọ́n sì tún wá ní 1864.

Ará Faransé kan tó ń jẹ́ Xavier Pené ló kó wọn wá sí Chicago, ọkùnrin àti obìnrin. Wọ́n kọ́ ahéré fún wọn, wọ́n ní kí wọ́n máa lùlù, kí wọ́n máa jó, kí wọ́n máa fi ọ̀pá àti idà ṣeré ogun, èèyàn ń san owó wọlé wò wọ́n. Ní oṣù Kọkànlá 1892 ni ọmọ ogun Faransé ti wọ Abomey, olú ìlú Dàhòmì. Ọba wọn, Béhanzin, wà nínú igbó, kò juwọ́ sílẹ̀ títí di oṣù Kìíní 1894. Nítorí náà, ní gbogbo ìgbà tí wọ́n ń jó fún àwọn ará Chicago yẹn, ọba wọn ń sá kiri nílé. Ta ló sọ fún wọn? Báwo ni wọ́n ṣe gbọ́?

Ọ̀tá àwọn baba wa ni wọ́n, mo mọ̀. Àmọ́ nígbà tí ọmọ rẹ fi àwòrán wọn hàn mí lójú kọ̀ǹpútà, ojú àwọn obìnrin náà ni mo ń wò, omi bọ́ lójú mi. Ojú àwọn ará wa ni. Mo wá rántí ọ̀rọ̀ Màmá Kétu. Ọdún 1886 ni ogun Dàhòmì fọ́ Kétu, tí wọ́n kó èèyàn rẹ̀ lọ sí Abomey. Mo ṣírò rẹ̀ lórí ìka: ọdún méje péré ló wà láàárín ìgbà yẹn àti ìpàtẹ yìí. Màmá máa ń sọ pé ìyá ìyá àwọn wà lára àwọn tí wọ́n kó lọ, pé ó padà wá, àti pé àwọn tí wọ́n jọ lọ kan ò padà. Níbo ni àwọn tí kò padà wọlẹ̀ sí? Mi ò sọ pé Chicago ni. Ṣùgbọ́n mi ò lè gbé e kúrò lọ́kàn mọ́.

Ohun kan tún dùn mí. Frederick Douglass, baba tí wọ́n bí sínú oko ẹrú tó dẹni ńlá, òun ni Haiti fi ṣe aṣojú nínú ilé tí wọ́n kọ́ síbi ìpàtẹ náà. Akọ̀ròyìn obìnrin aláwọ̀ dúdú kan tó ń jẹ́ Ida B. Wells (títì kan ní àárín ìlú ń jẹ́ orúkọ rẹ̀ báyìí) tẹ ìwé pélébé kan, 10,000 ẹ̀dà, òun àti Douglass àti àwọn méjì mìíràn ló kọ ọ́, láti bi gbogbo ayé ìdí tí wọn ò fi jẹ́ kí àwọn aláwọ̀ dúdú Amẹ́ríkà kópa tó yẹ wọ́n nínú ìpàtẹ náà. Iṣẹ́ ọkàn akin ni. Àmọ́ nínú ìwé yẹn kan náà, Douglass kọ ọ́ pé bíi pé ṣe ni wọ́n kó àwọn ará Dàhòmì wá láti fi dójú ti ìran dúdú. Mo mọ ẹni tí baba ń bá wí, àwọn tó kó wọn wá ni. Síbẹ̀ ó dùn mí. Nínú gbogbo ariwo yẹn, kò sẹ́ni tó bi wọ́n léèrè orúkọ wọn.

Ní Sátidé, mo mú ọmọ rẹ lọ. A gba etí Jackson Park kọjá, a rí ère obìnrin oníwúrà tí wọ́n ṣe ní 1918 láti fi rántí èyí tó ga jù ú lọ níbi ìpàtẹ. A dé ilé músíọ̀mù ńlá tó kù nínú Ìlú Funfun. Èyí ò wó bíi tàwọn yòókù torí àwọn àwòrán olówó iyebíye ni wọ́n kó sínú rẹ̀, bíríkì ni wọ́n fi kọ́ inú rẹ̀ nítorí iná, wọ́n sì wá fi òkúta bo ara rẹ̀ lẹ́yìn náà. Afẹ́fẹ́ ọ̀sà ń fẹ́ wá, ó tutù bíi yìnyín, bẹ́ẹ̀ oṣù Karùn-ún la wà yìí. A kọjú sí Midway, a ń rìn lọ. Koríko ni gbogbo rẹ̀ báyìí, yunifásítì wà lápá kan, àwọn ọmọdé ń gbá bọ́ọ̀lù. Ọmọ rẹ di máàpù tó tẹ̀ jáde mú, ó ń ka ẹsẹ̀ rẹ̀. Nígbà tó pẹ́, ó dúró. “Mummy, ibí ni.”

Kò sí òkúta, kò sí àkọlé. Ọ̀kẹ́rẹ́ kan gun igi lọ. Mo fẹ́ sọ̀rọ̀, ọ̀rọ̀ ò wá. Ọmọ rẹ kúnlẹ̀ lórí koríko tútù yẹn, pẹ̀lú Yorùbá rẹ̀ tó ń yọ́ lẹ́nu, ó ní, “Ẹ kú òtútù o.”

Àṣàkẹ́, mo jókòó sílẹ̀.

Mi ò mọ ibi tó ti rí i. Bóyá ó gbọ́ ọ lẹ́nu mi nígbà tí mo ń kí àwọn àgbà ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ó sáà mọ̀ pé wọ́n ń kí èèyàn kú òtútù, ó sì wo ibẹ̀, ó rí i pé òtútù ti mú wọn níbẹ̀ rí, kò sì sẹ́ni tó kí wọn.

Ìpàtẹ náà ò parí dáadáa. Ó ku ọjọ́ méjì kó kásẹ̀ nílẹ̀ ni wọ́n yìnbọn pa olórí ìlú, Carter Harrison, wọ́n fagi lé ayẹyẹ ìkádìí. Owó ti wọ́n nílùú lọ́dún yẹn, iṣẹ́ ò sí. Àwọn tí kò nílé lórí ń lọ sùn nínú àwọn ilé funfun tó ṣófo. Nígbà tó di oṣù Keje 1894, iná jó èyí tó pọ̀ jù nínú wọn. Ní Woodlawn yìí, ọ̀pọ̀ ilé ni wọ́n kọ́ torí àlejò ìpàtẹ náà. Bí mo bá ń gun àkàsọ̀ wa lálẹ́, mo máa ń rò ó pé àdúgbò yìí ti rí irú èyí rí.

Ohun tí mo ń bẹ̀ ọ́ nìyí, má bínú pé mo fi sí ìsàlẹ̀. Lọ bá mi kí Màmá Kétu. Mú ọsàn dání fún wọn, má mú bisikíìtì, eyín wọn. Jókòó tì wọ́n, kí o ní kí wọ́n kọ orin tí wọ́n máa ń kọ tí wọ́n bá ń fẹ́ èlùbọ́, èyí tí wọ́n ní ìyá ìyá wọn mú bọ̀ láti Abomey. Fi fóònù gba ohùn wọn sílẹ̀, má jẹ́ kí àwọn ọmọ ilé pariwo. Bi wọ́n léèrè bóyá wọ́n rántí orúkọ ẹnikẹ́ni nínú àwọn tí kò padà, kódà kó jẹ́ ẹyọ kan. Wọn ò kéré mọ́, Àṣàkẹ́, má jẹ́ kó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀. Ọjọ́ Ajé tó tẹ̀lé e ni ọmọ rẹ máa sọ̀rọ̀ níwájú kíláàsì, ó sì ti kọ ọ́ sókè ìwé rẹ̀ pé ìtàn náà kan àwọn. Mo fẹ́ kó rí nǹkan fi tì í. Màá sì mú fóònù náà lọ sí Midway, kí orin náà dún níbẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ká tó kó kúrò, bó bá jẹ́ pé a máa kó.

Jọ̀ọ́, má jẹ́ kí ìyá mi gbọ́ ọ̀rọ̀ owó ilé yìí. Bí wọ́n bá bi ọ́, sọ pé ilé wa dára, ó sì gbóná.

Màá ya lẹ́tà yìí ní fọ́tò fi ránṣẹ́ sí ọ lálẹ́ yìí. Ìwé gan-an á bá ẹni tó ń bọ̀ wálé ní oṣù Keje. Ọjọ́bọ̀ ni mo ń lọ rí onílé, agogo mẹ́rin ìrọ̀lẹ́. Agogo mẹ́wàá alẹ́ ni yóò jẹ́ lọ́dọ̀ yín. Bá mi gbàdúrà sí i.

Èmi ni tìrẹ,
Àjọkẹ́