Ọ̀gá báńkì ló mọ ọ̀nà tí wọ́n ń gbà kó báńkì lọ

Olóòtú ọ̀wọ́n,

Ìjà tí William Black, alábòójútó báńkì tẹ́lẹ̀ rí ní Amẹ́ríkà, ń bá àwọn olè oníṣúùtù, ìyẹn àwọn ọ̀gá báńkì tó ń ja báńkì ara wọn lólè, jà tọ́ sí àlàyé díẹ̀ sí i. Bí ikú ilé ò bá pani, tòde ò lè pani.

Ọgbọ́n wọn kò le. Ọ̀gá báńkì á mú kí báńkì tètè tóbi. Á máa yá àwọn tí kò lè san padà lówó lórí èlé gọbọi, á fi gbèsè ṣe èyí tó pọ̀ jù nínú owó tó ń yáni, kò sì ní fi nǹkan kan pamọ́ de àdánù. Lọ́dún àkọ́kọ́, èrè á kún inú ìwé, ọ̀gá á gba owó àjẹmọ́nú. Kí gbèsè tó bẹ̀rẹ̀ sí í bàjẹ́, ó ti jẹun yó. Ọ́dítọ̀, ẹni tó ń yẹ ìwé owó wò, ńkọ́? Ọ̀gá yìí kan náà ló gbà á síṣẹ́.

Ní April 9, 1987, sẹ́nétọ̀ márùn-ún pe Black àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kí wọ́n lè dẹwọ́ lórí Lincoln Savings, báńkì Charles Keating. Black kọ ohun tí wọ́n sọ sílẹ̀. Ọdún 1989 ni ìjọba tó gba báńkì náà, ó sì ná ìjọba ní owó tó lé ní bílíọ̀nù 2 dọ́là.

Nígbà wàhálà báńkì yẹn, àwọn alábòójútó kọ̀wé ẹ̀sùn tó lé ní 30,000 ránṣẹ́ sí àwọn agbófinró; ó lé ní 1,000 ènìyàn tí ilé ẹjọ́ dá lẹ́bi. Black ní nígbà wàhálà owó ọdún 2008, ọ́fíìsì tó rọ́pò tiwọn kò kọ ẹyọ kan. Bẹ́ẹ̀ FBI, ọlọ́pàá ìjọba àpapọ̀ Amẹ́ríkà, kì í ka ìwé báńkì fúnra rẹ̀: ẹni tó mọ̀ ọ́n kà ló gbọ́dọ̀ tọ́ka ojú ewé.

Àwa òǹkàwé yín.